Ojú Tí Ó Wà Lẹ́yìn Kámẹ́rà: Túndé Kèlání Kí Ó Tó Di Olùdarí, 1970 sí 1993

Orúkọ Túndé Kèlání kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tí ó ń ka ìwé nípa sinimá Yorùbá. Ohun tí ó ṣàjèjì ni iṣẹ́ tí ó ṣe kí orúkọ náà tó máa hàn gẹ́gẹ́ bí ti olùdarí. Nínú ọ̀pọ̀ àpilẹ̀kọ, ọdún 1993 tí “Ti Olúwa Ni Ilẹ̀” jáde ni ìtàn rẹ̀ máa ń bẹ̀rẹ̀. Ohun tí ó ṣáájú èyí kì í gbà ju ìlà mẹ́ta tàbí mẹ́rin lọ, bí ìgbà tí akéwì ń ki ẹni tí kò mọ ilé bàbá rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ọkùnrin náà ti pé ọmọ ọdún 45 ní 1993. Ó ti lé ní ogún ọdún tí ó ti ń gbé kámẹ́rà lé èjìká fún ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn, fún àwọn oníròyìn òkè òkun àti fún àwọn ọ̀gá eléré orí ìtàgé. Èrò tí àpilẹ̀kọ yìí gbé kalẹ̀ ni pé àwọn ọdún wọ̀nyí kì í ṣe ìpalẹ̀mọ́ lásán. Inú wọn ni a ti lè rí ìdí tí fíìmù rẹ̀ fi rí bí ó ṣe rí, àti ìdí tí ayàwòrán tí ọwọ́ rẹ̀ kún fún iṣẹ́ fi rí i pé àfi kí òun fúnra òun di onífíìmù.

Ìlú Èkó ni wọ́n ti bí Kèlání ní ọjọ́ 26 oṣù kejì ọdún 1948. Kò ju ọmọ ọdún márùn-ún lọ nígbà tí wọ́n rán an lọ sí Abẹ́òkúta kí ó lọ máa gbé lọ́dọ̀ àwọn òbí rẹ̀ àgbà. Baálé ni bàbá àgbà yìí, olóyè ogun ni pẹ̀lú, Balógun Ìjàyè Kúkudì. Ilé tí ọmọ náà dàgbà sí jẹ́ ilé tí ẹjọ́, oríkì, ọdún òrìṣà àti àbọ̀ ìpàdé ìlú ti ń wọlé tí wọ́n sì ń jáde. Ó lọ sí ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ Òkè-Ọnà ní Ìkìjà, ó sì tẹ̀ síwájú sí Abẹ́òkúta Grammar School. Àsìkò náà ni àwọn ẹgbẹ́ eléré alárìnkiri ń na ilẹ̀ Yorùbá já: Hubert Ògúndé, Kọ́lá Ògúnmọ́lá, Dúró Ládípọ̀. Kèlání wò wọ́n. Àwọn ìwé ìtàn àròsọ D. O. Fágúnwà wà nílẹ̀ pẹ̀lú fún ọmọ tí ó mọ ìwé kà. Ní ìdí èyí, nígbà tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ràn fótò láti ìgbà èwe, kì í ṣe pé ó ń wá ohun tí yóò yà. Ohun tí yóò yà ti yí i ká.

Lẹ́yìn ilé ìwé girama ó lọ kọ́ṣẹ́ fótò ní Èkó lọ́dọ̀ ọ̀gá kan, gẹ́gẹ́ bí ọmọ ìkọ́ṣẹ́ gbogbo ti ń ṣe. Ó tọ́ kí a dúró díẹ̀ níbí, nítorí pé ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa fò ó. Ẹ̀kọ́ ìyára òkùnkùn ni ẹ̀kọ́ fótò ìgbà náà: ọmọ ìkọ́ṣẹ́ ń fọ fíìmù, ó ń tẹ fótò, ó ń rí àṣìṣe ọwọ́ rẹ̀ nínú omi ìfọ-fótò kí oníbàárà tó rí i. Ẹni tí ó bá kọ́ iṣẹ́ ní irú ọ̀nà yìí yóò ti mọ̀ kí ó tó dé ìdí kámẹ́rà sinimá pé ìmọ́lẹ̀ ni à ń yà, kì í ṣe ènìyàn.

Ní 1970 ó wọ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà, WNTV, ní Ìbàdàn. Ilé iṣẹ́ tí Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ti dá sílẹ̀ láti ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959 ni, àwọn òǹkọ̀wé àti òṣèré Yorùbá sì ti sọ ọ́ di agbo wọn. Adébáyọ̀ Fálétí ti wà níbẹ̀ kí Kèlání tó dé. Ibẹ̀ ni ìbátan pàtàkì kan ti bẹ̀rẹ̀ láàrin ayàwòrán àti òǹkọ̀wé, ìbátan tí yóò so èso fún ọdún méjìlélọ́gbọ̀n ó kéré tán, títí dé “Agogo Èèwọ̀” ní 2002.

Iṣẹ́ ayàwòrán tẹlifíṣàn ní àsìkò náà yàtọ̀ pátápátá sí ti sinimá. Fíìmù ìròyìn oníbàǹtì mílímítà 16 jẹ́ èyí tí wọ́n ń fọ̀ kíákíá tí wọ́n sì ń gé lọ́jọ́ kan náà. Ohun tí ó bá ṣẹlẹ̀ kì í dúró de ayàwòrán. Bí ọba bá ti kúrò lórí ẹṣin, ó ti kúrò náà nìyẹn, kò sí ẹni tí yóò sọ fún un pé kí ó padà gun ún. Nítorí náà ayàwòrán ìròyìn gbọ́dọ̀ mọ ìgbésẹ̀ tí ó kàn kí ó tó ṣẹlẹ̀. Nínú ayẹyẹ Yorùbá, kò sí bí ó ṣe lè mọ̀ ọ́n àfi kí ó gbọ́ ohun tí ìlù ń wí. Ojú nìkan kò tó.

Ó ṣe iṣẹ́ fún Reuters àti fún tẹlifíṣàn BBC pẹ̀lú. Iṣẹ́ yìí gbé e dé Ethiopia nígbà ọ̀dá, ó sì gbé e lọ sí Zimbabwe ní ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ní àkókò tí orílẹ̀-èdè náà ń gba òmìnira, èyí tí ó wáyé ní oṣù kẹrin ọdún 1980. Ìwọ̀nba ni àwọn tí ó ń ṣàlàyé fíìmù rẹ̀ nípa ìjọba àti agbára ń rántí pé ọkùnrin yìí ti fi ojú ara rẹ̀ rí bí ìjọba kan ṣe ń wó àti bí òmíràn ṣe ń dìde, ní ilẹ̀ tí kì í ṣe tirẹ̀.

Ní ìdajì kejì àwọn ọdún 1970, ó lọ sí London International Film School, ní àdúgbò Covent Garden ní Lọ́ńdọ̀nù, ó sì gba ìwé ẹ̀rí nínú ọgbọ́n àti iṣẹ́ ọwọ́ fíìmù ṣíṣe. Ilé ẹ̀kọ́ yìí ń kọ́ni nípa fífi iṣẹ́ fúnni ṣe: ẹgbẹ́ kékeré a máa pa ipò dà láàrin ara wọn, kí ẹni tí ó darí lónìí lè gbé kámẹ́rà lọ́la. Ohun tí Kèlání rí níbẹ̀ kì í ṣe ìbẹ̀rẹ̀ ìmọ̀. Ó ti mọ iṣẹ́ kí ó tó lọ. Ohun tí ó rí ni bí a ṣe ń to àwòrán kan tẹ̀lé òmíràn kí ìtàn lè jáde.

Nígbà tí ó padà dé, ó dara pọ̀ mọ́ Fálétí, Aláájì Lásísì Oriekun, Wálé Fanubi, Yẹmí Farounbi àti àwọn mìíràn láti gbé “Ìdààmú Páàdì Mínkáílù” jáde ní fíìmù, láti inú eré tí Fálétí kọ. Àlùfáà ìjọ Àgùdà tí ó gbọ́ ìjẹ́wọ́ apànìyàn, tí òfin ìjọ sì dí i lẹ́nu, ni eré náà dá lé lórí. Ìgbìyànjú yìí ṣe pàtàkì ju bí wọ́n ṣe ń kà á lọ. Àwọn òṣìṣẹ́ tẹlifíṣàn àti òǹkọ̀wé ni wọ́n pa owó pọ̀, wọn kì í ṣe ọ̀gá ẹgbẹ́ eléré. Ìwé eré tí wọ́n ti kọ sílẹ̀ ni wọ́n sì gbé lọ sí iwájú kámẹ́rà. Bí fíìmù Mainframe yóò ṣe máa rí lẹ́yìn náà ti wà níbẹ̀ bí ọmọ inú oyún.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀nà yìí ni sinimá Yorùbá àsìkò náà gbà. Láti ìgbà tí “Àjàní Ògún” ti Ọlá Balógun jáde ní 1976, àwọn ọ̀gá eléré alárìnkiri ni wọ́n gba iwájú. Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Ade Love, Ògúndé àti Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá, ni wọ́n ń fi owó ìtàgé ṣe fíìmù. Wọ́n nílò ẹni tí yóò yà á. Ògúndé lo ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Freddie Goode, nínú àwọn iṣẹ́ rẹ̀ kan. Àwọn mìíràn wá Kèlání. Orúkọ rẹ̀ wà lára àwọn tí ó ṣiṣẹ́ kámẹ́rà fún “Aníkúrà”, “Ogun Àjàyè”, “Ìyá Ni Wúrà”, “Taxi Driver” àti “Ìwà”, gbogbo wọn lórí fíìmù mílímítà 16.

Kí ni ayàwòrán ń ṣe nínú irú fíìmù bẹ́ẹ̀? Ìdáhùn ìbéèrè yìí ni ó sọnù nínú ìtàn, nítorí pé àwọn tí ó kọ ìtàn ń wo ìwé eré àti òṣèré. Róòlù fíìmù mílímítà 16 tí ó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 400 kì í ju nǹkan bí ìṣẹ́jú mọ́kànlá lọ. Owó òkè òkun ni wọ́n fi ń rà á. Bí wọ́n bá ti yà á tán, òkè òkun náà ni yóò tún lọ, sí Lọ́ńdọ̀nù lọ́pọ̀ ìgbà, kí wọ́n tó lè fọ̀ ọ́. Ó sì lè pé ọ̀sẹ̀ mélòó kan kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀ bóyá àwòrán mú tàbí kò mú. Kò sí gíláàsì tí wọn yóò wò lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Ẹni kan ṣoṣo tí ó ti fojú rí fíìmù náà ní ọjọ́ tí wọ́n ń yà á ni ẹni tí ojú rẹ̀ wà lẹ́nu kámẹ́rà. Ọ̀gá eléré tí ó fi ilé dógò láti ṣe fíìmù ń fi gbogbo ohun tí ó ní sínú ojú ẹni kan yìí.

Oòrùn ọ̀sán ilẹ̀ Yorùbá kò sì ṣàánú ayàwòrán. Bí òṣèré dúdú bá wọ agbádá funfun jókòó ní ìta, ayàwòrán yóò yan ọ̀kan: bí ó bá ṣí ojú kámẹ́rà tó fún ojú òṣèré, agbádá yóò ràn bí iná títí tí iṣẹ́ ọnà ọrùn rẹ̀ yóò fi parẹ́, bí ó bá ti ojú kámẹ́rà nítorí agbádá, ojú òṣèré yóò di òkùnkùn. Ilé iṣẹ́ Kodak pàápàá, fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwòrán obìnrin aláwọ̀ funfun ni ó fi ṣe òṣùwọ̀n àwọ̀ fún àwọn ilé ìfọ-fótò. Kì í ṣe àwọ̀ ara Yorùbá ni wọ́n rò tí wọ́n fi ṣe èròjà yìí. Ọgbọ́n orí ni ayàwòrán fi ń yanjú rẹ̀: kí ó gbé òṣèré sábẹ́ ìbòòji, kí ó fi pátákó funfun dá ìmọ́lẹ̀ padà sí i lójú, kí ó dúró di àárọ̀ tàbí ìrọ̀lẹ́. Gbogbo èyí ń gba àkókò, àkókò sì ni owó.

Ìṣòro kejì ni ti èdè. Ẹgbẹ́ eléré alárìnkiri kì í kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Ọ̀gá a máa sọ kókó ìran fún àwọn òṣèré, wọn a sì máa gbé e láti ẹnu. Ní orí ìtàgé, ẹwà ni èyí. Ní iwájú kámẹ́rà tí ó nílò kí òṣèré sọ ọ̀rọ̀ kan náà lẹ́ẹ̀mejì, kí wọ́n lè gba ojú rẹ̀ láti òkèèrè àti láti itòsí, wàhálà ni. Òṣèré lè fi òwe mìíràn rọ́pò èyí tí ó pa ṣáájú, àwòrán méjèèjì kò sì ní bára mu mọ́. Ayàwòrán tí kò gbọ́ Yorùbá kò lè mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ, kò sì lè mọ ìgbà tí yóò sún mọ́ òṣèré kí òwe tó balẹ̀. Ayàwòrán tí ó dàgbà sí agbo ilé olóyè ní Abẹ́òkúta mọ̀ ọ́n. Ìmọ̀ èdè nínú iṣẹ́ yìí kì í ṣe àfikún. Irinṣẹ́ ni, gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rọ tí a fi ń wọn ìmọ́lẹ̀ ṣe jẹ́ irinṣẹ́.

Síbẹ̀, ayàwòrán kì í ní fíìmù. Owó iṣẹ́ ni ó ń gbà, ó sì ń lọ. Ọ̀gá eléré ni ó ń gbé ẹ̀dà fíìmù kiri láti ìlú dé ìlú, tí ó ń tan án ní gbọ̀ngàn àti ilé ìwé, tí ó sì ń jókòó ti ẹnu ọ̀nà gba owó, nítorí pé kò sí ẹni tí ó fọkàn tán láti bá a pín in. Ọ̀rọ̀ “Ọ̀run Mooru” ti 1982 sì fi hàn pé ọ̀gá pàápàá kò ní ààbò. Àwọn kan da fíìmù Bàbá Sàlá yìí kọ sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò láìgba àṣẹ, ọjà sì kún fún un kí olówó rẹ̀ tó rí owó gbà padà. Gbèsè rẹ̀ bò ó mọ́lẹ̀.

Ìyà tí ó tún wá pọ̀ jù ú lọ. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1986, lábẹ́ ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí ìjọba ológun gbé kalẹ̀, wọ́n tú náírà sílẹ̀ ní ọjà. Ní ọdún kan ṣáájú, náírà kan àti dọ́là kan fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Nígbà tí ó fi di 1987, dọ́là kan ti ń gba nǹkan bí náírà mẹ́rin. Fíìmù tí wọ́n ń ra pẹ̀lú owó òkè òkun, tí wọ́n ń fọ̀ pẹ̀lú owó òkè òkun, di ohun tí ọwọ́ kò ká mọ́. Wọ́n a máa sọ pé fídíò ni ó pa sinimá. Ọ̀rọ̀ náà kò rí bẹ́ẹ̀. Sinimá ti kú kí fídíò tó wọlé. Fídíò kàn bá ilé náà lófìfo ni.

Ní àárín ìdákẹ́jẹ́ yìí ni “Mister Johnson” wáyé, fíìmù tí Bruce Beresford, ọmọ ilẹ̀ Australia, darí ní apá àríwá Nàìjíríà láti inú ìwé Joyce Cary, tí ó sì jáde ní 1990. Kèlání ṣe igbákejì olùdarí níbẹ̀, ó sì ṣeré díẹ̀. Ògúndé náà kópa nínú rẹ̀, ó sì kú ní oṣù kẹrin ọdún kan náà. Ó ṣòro kí òǹkọ̀tàn má dúró níbí: ọ̀gá tí ọmọdé kan ti jókòó wò ní Abẹ́òkúta, òun àti ọmọ náà tí ó ti di àgbà, àwọn méjèèjì ń gba owó iṣẹ́ nínú fíìmù tí àjèjì ṣe láti inú ìwé tí àjèjì kọ nípa ilẹ̀ wọn. Owó wà níbẹ̀, fíìmù wà níbẹ̀, iná wà níbẹ̀. Ìtàn ni kì í ṣe tiwọn.

Ìdáhùn Kèlání ni Mainframe, ilé iṣẹ́ fíìmù àti tẹlifíṣàn tí ó fún ní orúkọ Ọ̀pómúléró, tí ó dá sílẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990. Fídíò ni ó gbà. Ìtàn tí wọ́n ń sọ ní gbogbogbòò ni pé “Living in Bondage” ti Kenneth Nnebue ní 1992 ni ó bẹ̀rẹ̀ fíìmù fídíò ní Nàìjíríà, ṣùgbọ́n Nnebue fúnra rẹ̀ ti gbé fídíò Yorùbá, “Àjẹ́ Ni Ìyá Mi”, jáde ní 1989. Àwọn eléré Yorùbá ti wà nínú fídíò tipẹ́. Ohun tí ó yàtọ̀ nínú ti Kèlání ni pé ayàwòrán tí ó ti kọ́ṣẹ́ lórí fíìmù ni ó dé ibẹ̀, ó sì bá fídíò lò bí ẹni pé róòlù fíìmù kò ju ìṣẹ́jú mọ́kànlá lọ síbẹ̀.

“Ti Olúwa Ni Ilẹ̀” jáde ní apá mẹ́ta. Káríìmù Adépọ̀jù, Bàbá Wándé, tí ìtàn náà ti ọwọ́ rẹ̀ wá, ṣe olóyè tí ó lọ́wọ́ nínú títa ilẹ̀ àjogúnbá fún àwọn tí ó fẹ́ kọ́ ilé epo sí i. Ẹni tí ó bá wò ó gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ ayàwòrán yóò rí i pé ilẹ̀ náà fúnra rẹ̀ ní ojú nínú fíìmù. Kámẹ́rà kì í sáré kúrò lórí ilẹ̀. Ó ń wò ó bí ayàwòrán ìròyìn ti ń wo ibi tí nǹkan yóò ti ṣẹlẹ̀.

Lẹ́yìn “Ayọ̀ Ni Mo Fẹ́” ti 1994, ó yíjú sí àwọn ìwé Akínwùmí Ìṣọ̀lá, “Kòṣeégbé” ní 1995 àti “Ó Le Kú” ní 1997. Ti “Ó Le Kú” gba àlàyé. Ìwé tí ó jáde ní 1974 ni, nípa akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Ìbàdàn tí obìnrin mẹ́ta ń dà láàmú. Àwọn tí ó wo fíìmù náà rántí aṣọ rẹ̀, ìró kékeré àti bùbá tí àwọn obìnrin tún bẹ̀rẹ̀ sí í dá, tí orúkọ fíìmù sì mọ́ ọn lára. Wọ́n pe èyí ní ọgbọ́n àwọn tó ń ṣe ẹ̀ṣọ́ eré. Bẹ́ẹ̀ sì ni, ṣùgbọ́n kò tán síbẹ̀. Ìbàdàn ni Kèlání wà ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, kámẹ́rà sì ni iṣẹ́ rẹ̀. Ó ti rí irú àwọn obìnrin wọ̀nyẹn nínú irú aṣọ bẹ́ẹ̀ nígbà tí kò tíì di ìtàn. Ìrántí ojú ni fíìmù náà, ìwé Ìṣọ̀lá sì fún ìrántí náà ní ọ̀nà.

“Ṣaworoidẹ” ti 1999 ni wọ́n ti kọ nípa rẹ̀ jù, nítorí ọ̀rọ̀ ìṣèlú tí ó wà nínú rẹ̀: ọba tí kò gba gbẹ́rẹ́ orí oyè, ológun tí ó gba ìlú, ìlú Jogbo tí gbogbo ènìyàn mọ̀ pé Nàìjíríà ni. Fálétí ṣe Bàbá Ọ̀pálábà, Kọ́lá Oyèwọ̀ ṣe Lápité. Ẹ̀ka mìíràn wà tí ó yẹ kí àwọn ọmọ ẹ̀kọ́ gíga wò. Ìlù ni ó ń pa ọba nínú ìtàn náà. Báwo ni ayàwòrán yóò ṣe ya ohùn? Ohun tí Kèlání ṣe ni pé ó fún ìlù ní ààyè tí wọ́n máa ń fún òṣèré: ọwọ́ onílù, ṣaworo ara ìlù, lẹ́yìn náà ojú ẹni tí ó gbọ́ ọ. Ìtòlẹ́sẹẹsẹ yìí kò ti inú ìwé wá. Ó ti ọwọ́ ẹni tí ó ti fi ìlù mọ ìgbà tí yóò tẹ kámẹ́rà láti ọjọ́ rẹ̀ ní WNTV.

Nínú fíìmù yìí kan náà ni Kúnlé Afọláyan, ọmọ Ade Love, ti kọ́kọ́ hàn lójú kámẹ́rà sinimá gẹ́gẹ́ bí Arẹ̀ṣẹ̀jàbàtà. Ayàwòrán bàbá ti di olùdarí ọmọ. Kúnlé náà di olùdarí lẹ́yìn náà, ìtàn tirẹ̀ sì gun.

Iṣẹ́ ọdún 1970 sí 1993 kò rọrùn láti rí wò lónìí. Àwọn nẹ́gátíìfù fíìmù ìgbà náà wà ní òkè òkun nítorí pé ibẹ̀ ni wọ́n ti ń fọ̀ wọ́n, àwọn ẹ̀dà tí ó wà nílé sì ti gbó nínú yàrá àwọn ẹbí eléré. Ẹni tí ó bá fẹ́ ṣe ìwádìí lórí ọwọ́ Kèlání nínú “Ìyá Ni Wúrà” tàbí “Taxi Driver” lè rí ẹ̀dà fídíò tí àwọ̀ rẹ̀ ti ṣá. Kò sì yẹ kí ó fi àwọ̀ tí ó ṣá dá ayàwòrán lẹ́jọ́. Fíìmù àríwá kan, “Shaihu Umar” ti 1976, ni wọ́n ti bá nínú àká àjọ fíìmù Nàìjíríà ní Jos, tí wọ́n sì tún un ṣe ní Berlin. Irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ṣeé ṣe fún fíìmù àwọn eléré Yorùbá, bí ẹnìkan bá mọ ibi tí yóò wá wọn sí. Àwọn ẹbí ṣì wà. Orúkọ ilé ìfọ-fíìmù ṣì wà lára àwọn agolo. Fálétí kú ní 2017, Ìṣọ̀lá kú ní 2018, ohun tí wọ́n mọ̀ nípa àwọn ọjọ́ wọ̀nyẹn tí ẹnikẹ́ni kò kọ sílẹ̀ sì bá wọn lọ.

Ní 2021 Kèlání gbé “Àyìnlá” jáde, nípa Àyìnlá Ọmọwúrà, ọ̀gá olórin àpàlà tí wọ́n pa níbi ìjà ní Abẹ́òkúta ní oṣù karùn-ún ọdún 1980. Ní oṣù tí ìjà náà ṣẹlẹ̀, Kèlání jẹ́ ọmọ ọdún 32, òmìnira Zimbabwe kò sì tíì ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ. Abẹ́òkúta ni ó padà sí láti ya fíìmù náà, ní àwọn òpópónà tí ó ti rìn ní ọmọdé, pẹ̀lú òrùlé páànù tí ó ti pọ́n, Olúmọ sì wà lẹ́yìn.